Olùdarí fíìmù adẹ́rùbani tó dá dúró: ṣé iṣẹ́ náà lè bọ́ni?

Ìbéèrè tí òǹkàwé kan fi ránṣẹ́ nìyí: "Ẹ kú iṣẹ́, ọ̀gá. Mo ti kọ ìwé eré adẹ́rùbani kan tán, mo sì ti ń tọ́jú owó sí i. Mi ò fẹ́ lọ bá ilé-iṣẹ́ ńlá kankan, èmi ni mo fẹ́ darí rẹ̀ bó ṣe wù mí. Ohun tó wà lọ́kàn mi ni kó di irú fíìmù tí àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ ò ní jẹ́ kó kú, irú èyí tí wọ́n ń péjọ wò láàárín òru. Ọ̀rẹ́ mi kan ní kí n má da ara mi láàmú, pé bí fíìmù bá ti rí jágajàga, tí ẹ̀jẹ̀ sì pọ̀ nínú rẹ̀, àwọn ọmọlẹ́yìn á wá fúnra wọn. Mo tún gbọ́ pé ẹnì kan ná $15,000 péré, ó sì di olówó. Ṣé mo lè fi iṣẹ́ yìí jẹun? Ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?"

Ẹ ṣé tí ẹ kọ̀wé. Bí mo ṣe gbọ́ ọ yé, ohun tó ń bà yín lẹ́rù ni kí ẹ má lọ ná owó tí ẹ fi sùúrù kó jọ tán sórí fíìmù tí ẹnikẹ́ni ò ní rántí. Ìbẹ̀rù tó tọ́ ni. Kí n tètè sọ kókó rẹ̀: àwọn kan ń fi iṣẹ́ yìí jẹun, ṣùgbọ́n àwọn ọmọlẹ́yìn kì í tètè dé. Ó lè gba ọdún mẹ́wàá tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ọjọ́ tí wọ́n bá dé, ọ̀dọ̀ ẹni tí ìwé ẹ̀tọ́ fíìmù náà wà lọ́wọ́ rẹ̀ ni owó ń lọ, ẹni náà sì lè má jẹ́ olùdarí rárá. Ọ̀rọ̀ ìwé ni n óò sọ jù nínú ìdáhùn yìí. Ẹ foríjì mí tó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ ẹ̀jẹ̀ àti kámẹ́rà lẹ fẹ́ gbọ́, díẹ̀ ń bọ̀ níwájú.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ tú ọ̀rọ̀ ọ̀rẹ́ yín palẹ̀. Àwọn fíìmù tí aráyé ń fi rẹ́rìn-ín tí wọ́n sì tún fẹ́ràn, àwọn tó ṣe wọ́n ò mọ̀ọ́mọ̀ bà á jẹ́. Gbogbo agbára wọn ni wọ́n lò, agbára ọ̀hún ni kò ká a. Òǹwòran tètè máa ń mọ ẹni tó ń díbọ́n, kì í sì í padà wá wò ó lẹ́ẹ̀kejì, bẹ́ẹ̀ ìpadàwò yìí gan-an ló ń sọ fíìmù di ohun tó ní ọmọlẹ́yìn. Ohun mìíràn tó ń fa ọmọlẹ́yìn ni bí wọ́n ṣe ń rí fíìmù náà, èyí kò sì sí lọ́wọ́ olùdarí. Nígbà tí Eraserhead, fíìmù gígùn àkọ́kọ́ David Lynch, jáde ní 1977, èèyàn díẹ̀ ló kọ́kọ́ wò ó. Ben Barenholtz tó ń pín in ló fi í sílẹ̀ ní aago méjìlá òru, ọ̀sẹ̀ lé ọ̀sẹ̀, títí ọ̀rọ̀ ẹnu fi kó èrò wá. Ní Britain, láàárín ọdún 1983 sí 1985, wọ́n to orúkọ fíìmù fídíò 72 lápapọ̀ tí wọ́n ka sí ohun tó lè gbé alágbàtà rẹ̀ dé kóòtù, wọ́n sì ṣe òfin Video Recordings Act ní 1984, tó ní kí wọ́n yẹ fídíò wò kí wọ́n tó tà á. Àwọn ọ̀dọ́ gba àkọsílẹ̀ náà, wọ́n sọ ọ́ di àkọsílẹ̀ ohun tí wọ́n máa wá kiri láti wò. Ta ló lè fi irú nǹkan báyìí sínú ètò iṣẹ́ rẹ̀? Ohun tó wà lọ́wọ́ olùdarí kò ju kí àwòrán kan tàbí ẹ̀dá kan wà nínú fíìmù tí òǹwòran lè júwe fún ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní gbólóhùn kan, kí ọ̀rẹ́ náà sì fẹ́ fojú ara rẹ̀ rí i. Ẹ yẹ ìwé eré yín wò fún ìyẹn. Tí ẹ bá nílò gbólóhùn mẹ́rin kó tó yé èèyàn, iṣẹ́ ṣì kù níbẹ̀.

Ìtàn $15,000 tí ẹ gbọ́ jẹ́ òótọ́, ṣùgbọ́n ìdajì rẹ̀ ni wọ́n sọ fún yín. Paranormal Activity ni. Oren Peli yà á nínú ilé ara rẹ̀ ní San Diego ní 2006, wọ́n fi í hàn ní àjọ̀dún fíìmù ní 2007, kò sì dé ilé sinimá gbogbogbòò títí di 2009. Ilé-iṣẹ́ ńlá, Paramount, ló gbé e jáde, wọ́n yí ìparí rẹ̀ padà, wọ́n sì ná owó ìpolówó tó fi iye tí Peli ná ṣeré. Nǹkan bí $193 mílíọ̀nù ló pa nílé sinimá káàkiri ayé. Ìyẹn ni pé ẹni tí wọ́n fi ń ṣe àpẹẹrẹ iṣẹ́ ìdádúró fún yín, ọwọ́ ilé-iṣẹ́ ńlá ló bá débẹ̀. Irú rẹ̀ náà ni The Blair Witch Project. Ọjọ́ mẹ́jọ péré ni wọ́n fi yà á ní Maryland ní October 1997. Artisan, ilé-iṣẹ́ tó ń pín fíìmù, rà á ní àjọ̀dún Sundance ní January 1999 ní nǹkan bí $1.1 mílíọ̀nù, tíkẹ́ẹ̀tì rẹ̀ sì súnmọ́ $250 mílíọ̀nù. Ẹ wo àlàfo tó wà láàárín iye tí wọ́n tà á àti iye tó pa. Fíìmù bí irú méjèèjì yìí kò pọ̀ lágbàáyé. Àwọn tó ná iye owó kan náà tí ẹnikẹ́ni ò gbọ́ orúkọ wọn, wọn ò lóǹkà.

Ọ̀rọ̀ ìwé wá kàn báyìí. George Romero àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe Night of the Living Dead ní agbègbè Pittsburgh pẹ̀lú nǹkan bí $114,000, ó sì jáde ní October 1968. Orúkọ tí wọ́n kọ́kọ́ fún un ni Night of the Flesh Eaters. Ilé-iṣẹ́ tó ń pín in pààrọ̀ orúkọ náà, wọ́n tún káàdì àkọlé ṣe, wọn ò sì kọ àmì ẹ̀tọ́ àdàkọ, èyí tó ń sọ ẹni tó ni iṣẹ́, sára káàdì tuntun. Lábẹ́ òfin Amẹ́ríkà nígbà yẹn, fíìmù tó bá jáde láìní àmì yẹn ti di ti gbogbo ayé. Ìlà kan péré lára káàdì! Láti ìgbà náà, ẹnikẹ́ni ló lè tẹ̀ ẹ́ sórí kásẹ́ẹ̀tì tàbí díìsìkì kó sì tà á láìfún àwọn tó ṣe é ní kọ́bọ̀. Òdodo ọ̀rọ̀ ni pé àǹfààní kan wà nínú àjálù náà, nítorí pípọ̀ tó pọ̀ káàkiri wà lára ohun tó kó ọmọlẹ́yìn jọ fún un. Òkìkí lọ sọ́dọ̀ Romero, owó lọ síbòmíràn. Òfin ti yí padà láti 1989, àmì yẹn kò pọn dandan mọ́ ní Amẹ́ríkà, ṣùgbọ́n ọ̀nà tí ẹ̀tọ́ fi ń bọ́ lọ́wọ́ èèyàn kò tíì tán.

Èyí tí mo rí pé ó ń ṣẹlẹ̀ jù ni kí olùdarí rò pé òun ló ni fíìmù torí pé òun ló náwó sí i. Fíìmù jẹ́ àkópọ̀ iṣẹ́ ọ̀pọ̀ èèyàn, oníkálukú sì ni ohun tó fọwọ́ ara rẹ̀ ṣe títí tó fi fọwọ́ sí ìwé pé òun gbé e sílẹ̀. Ẹni tó kọ ìwé eré pẹ̀lú yín, ẹni tó kọrin, òṣèré kọ̀ọ̀kan, onílé tí ẹ yàwòrán nínú ilé rẹ̀, gbogbo wọn ló gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí ìwé kí kámẹ́rà tó tan. Nínú fíìmù adẹ́rùbani, ẹni tí wọ́n máa ń gbàgbé jù ni ẹni tó ṣe ìbòjú tàbí ẹ̀dá abàmì náà. Ọ̀rẹ́ ni, ó fi ọ̀sẹ̀ méjì ṣe é lọ́fẹ̀ẹ́, inú gbogbo yín dùn. Tí ìbòjú yẹn bá wá di ohun tí wọ́n ń tẹ̀ sára ẹ̀wù lẹ́yìn ọdún mẹ́jọ, ta ló ni àwòrán rẹ̀? Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ nísinsìnyí pé ilé-iṣẹ́ yín ló ni ín, kí ẹ sì kọ ìpín tirẹ̀ níbẹ̀ kó má bàa di ìyànjẹ. Ẹ tún kọ ohun tó máa ṣẹlẹ̀ tí apá kejì bá wáyé. Ẹni tó bá rò pé mò ń ṣe àsọdùn, kó wo fíìmù adẹ́rùbani Friday the 13th. Victor Miller tó kọ ìwé eré ti 1980 lo òfin Amẹ́ríkà tó gba òǹkọ̀wé láàyè láti gba iṣẹ́ rẹ̀ padà lẹ́yìn ọdún 35. Ilé-iṣẹ́ tó ṣe fíìmù náà ní òṣìṣẹ́ àwọn ni nígbà yẹn. Kóòtù ní kì í ṣe bẹ́ẹ̀, kóòtù kòtẹ́milọ́rùn sì fara mọ́ ọn ní 2021. Bí ìwé àdéhùn òǹkọ̀wé náà ṣe rí ní 1979 ló pinnu ẹni tó ni nǹkan lẹ́yìn ogójì ọdún.

Ìwé àdéhùn pẹ̀lú olùpín fíìmù tún le ju ìyẹn lọ, torí inú ìdùnnú ni èèyàn máa ń wà nígbà tó bá ń fọwọ́ sí i. Ẹ wo ohun mẹ́rin níbẹ̀ kí ẹ tó wo iye owó. Ọdún mélòó ni wọ́n máa fi mú fíìmù náà? Wọ́n lè béèrè ogún ọdún tàbí jù bẹ́ẹ̀. Ẹ du márùn-ún sí mẹ́wàá, torí àsìkò tí ọmọlẹ́yìn bẹ̀rẹ̀ sí í pọ̀ ni ẹ ó fẹ́ kó ti padà sọ́wọ́ yín. Èló ni iye tí ìnáwó wọn ò gbọdọ̀ kọjá? Tí ẹ ò bá fi òpin sí i, gbogbo ìrìn-àjò wọn lọ sí ọjà fíìmù ni wọ́n á yọ lára owó yín. Ṣé ẹ láṣẹ láti yẹ ìwé ìṣirò wọn wò? Tí ilé-iṣẹ́ náà bá kógbá sílé, ṣé ẹ̀tọ́ máa padà sọ́dọ̀ yín lójú ẹsẹ̀, àbí àwọn tí wọ́n jẹ ní gbèsè ló máa pín in? Ẹ jẹ́ ká fi owó ṣe é kó lè yé yín. Ká ní olùpín náà ta fíìmù yín ní $100,000. Ó yọ ìdá 25 nínú ọgọ́rùn-ún tirẹ̀, ó ku $75,000. Ó yọ ìnáwó $30,000, ó ku $45,000. Àwọn tó dókòwò fún yín ní $60,000 ló kọ́kọ́ gbọ́dọ̀ gba owó wọn padà. Owó ti tán kó tó kan olùdarí, wọ́n ṣì jẹ àwọn olùdókòwò ní $15,000, bẹ́ẹ̀ ẹnikẹ́ni ò jalè. Ìdí nìyí tí mo fi ń sọ pé kí ẹ kọ owó oṣù tiyín sínú owó iṣẹ́, bó ti wù kó kéré mọ, kí ẹ sì béèrè ìpín lára èrè pẹ̀lú. John Carpenter gba $10,000 fún fíìmù Halloween ní 1978, ìwé eré, ìdarí àti orin pa pọ̀, ṣùgbọ́n ó béèrè ìpín nínú èrè. Ìpín yẹn ló wá ṣe é láǹfààní jù. Ó rí èrè náà gbà torí pé èrè wà, mo fẹ́ kí ẹ rántí ìyẹn pẹ̀lú.

Ṣé ẹ lè fi jẹun? Fíìmù àkọ́kọ́ nìkan kì í sábà bọ́ni. Àwọn tó ń pẹ́ nídìí iṣẹ́ yìí ní iṣẹ́ ọwọ́ mìíràn tó wà nínú fíìmù náà: wọ́n ń ṣe ẹ́díìtì fún àwọn ẹlòmíràn, wọ́n ń ṣe mékọ́ọ̀pù, wọ́n ń ya fídíò orin àti ìpolówó. Iṣẹ́ yẹn ń fún wọn lówó, ó sì tún ń dín ohun tí fíìmù tiwọn máa ná wọn kù. Damien Leone ni àpẹẹrẹ tó mọ́lẹ̀ jù lójú mi. Òun fúnra rẹ̀ ló ń ṣe mékọ́ọ̀pù àti àwọn ọgbẹ́ inú fíìmù rẹ̀. Inú fíìmù kúkúrú kan ní 2008 ni Art the Clown, apànìyàn rẹ̀ tó múra bí aláwàdà, ti kọ́kọ́ jáde, lẹ́yìn náà fíìmù kúkúrú mìíràn ní 2011, lẹ́yìn náà fíìmù alápá mẹ́ta kan ní 2013, kí Terrifier tó jẹ́ fíìmù gígùn tó wáyé. Fún apá kejì, wọ́n tọrọ $50,000 lọ́wọ́ àwọn ọmọlẹ́yìn lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ohun tí wọ́n rí ju $200,000 lọ. Ó jáde ní 2022. Ọdún mẹ́rìnlá, ẹ̀dá kan náà, kò sì kúrò lọ́wọ́ ẹni tó dá a. Tí wọ́n bá sọ fún yín pé òkìkí rẹ̀ jẹ́ òjijì, ẹ rántí 2008.

Nítorí náà, fíìmù kúkúrú ni kí ẹ fi bẹ̀rẹ̀. Sam Raimi àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ya Within the Woods ní 1978 pẹ̀lú fíìmù Super 8, irú tóóró tí àwọn èèyàn fi ń yàwòrán nílé. Wọ́n gbé e kiri ní Michigan fún àwọn dókítà eyín, lọ́yà àtàwọn oníṣòwò láti fi kó owó fíìmù gígùn wọn, The Evil Dead, jọ. Tiwọn gùn tó ọgbọ̀n ìṣẹ́jú. Tiyín kò gbọdọ̀ ju mẹ́wàá lọ lóde òní, torí ó ṣòro fún àjọ̀dún láti rí àyè fún èyí tó gùn. Ẹ yan ìran kan tó lè dá dúró nínú ìwé eré yín, tó ní ẹ̀dá tàbí àwòrán tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan. Ẹ má fi gbogbo ìtàn sínú rẹ̀. Tí àwọn tí kò mọ̀ yín rí bá wò ó tí wọ́n sì béèrè ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà, ẹ ti ní ohun tí ẹ lè gbé síwájú olówó.

Tí ẹ bá wá dórí fíìmù gígùn, ẹ ka ojú-ìwé dáadáa. Ojú-ìwé kan súnmọ́ ìṣẹ́jú kan lójú àwòrán. Ìwé eré olójú-ewé 85, tí ẹ bá ń ya márùn-ún lóòjọ́, ọjọ́ 17 ni, láìka ọjọ́ ìsinmi. Ṣùgbọ́n ojú-ìwé tí ẹ̀jẹ̀ wà nínú rẹ̀ kì í ṣe ojú-ìwé lásán. Gbólóhùn kan bí "ó fi àáké gé ọwọ́ rẹ̀" lè jẹ ìdajì ọjọ́, torí ìmúra rẹ̀ ń gba wákàtí méjì, àti pé tí kò bá dáa, ẹ gbọ́dọ̀ nu ilẹ̀, fọ òṣèré, pààrọ̀ aṣọ, kí ẹ tó tún un yà. Ẹ ra aṣọ kan náà mẹ́ta fún òṣèré tí ẹ̀jẹ̀ máa kàn, ó kéré tán. Omi ṣúgà àgbàdo tó ki ni ìpìlẹ̀ ẹ̀jẹ̀ àtọwọ́dá. Ẹ pò àwọ̀ pupa oúnjẹ mọ́ ọn, kí ẹ sì fi ẹ̀kán búlúù kan tàbí ìyẹ̀fun kòkó díẹ̀ sí i, torí pupa nìkan máa ń rí bí ọ̀dà lójú kámẹ́rà. Èyí tó máa wọ ẹnu òṣèré kò gbọdọ̀ ní ọṣẹ. Èyí tó máa kan aṣọ nìkan, ẹ lè fi ọṣẹ abọ́ díẹ̀ sí i kó lè tètè fọ̀ kúrò. Ilẹ̀ tí ó bá dà sí máa ń yọ̀ gan-an, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sáré lórí rẹ̀ láìdán an wò. Tí owó bá kù díẹ̀, ẹ gbé e sórí ohùn kí ẹ tó gbé e sórí kámẹ́rà. Òǹwòran á fara da àwòrán tó ṣókùnkùn, ó tilẹ̀ lè rò pé ẹ mọ̀ọ́mọ̀ ni, ṣùgbọ́n tí ọ̀rọ̀ ò bá ṣe é gbọ́, á pa á tì. Níbi kọ̀ọ̀kan, kí gbogbo èèyàn dákẹ́ kí ẹ gba ohùn àyíká sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú kan, torí òun ni ẹ óò fi di àlàfo nígbà ẹ́díìtì. Kí orin àti ariwo wà lọ́tọ̀, kí ọ̀rọ̀ ẹnu wà lọ́tọ̀. Olùrà tó fẹ́ túmọ̀ fíìmù yín sí èdè mìíràn kò ní rà á láìsí ìyẹn, àtúnṣe rẹ̀ lẹ́yìn náà sì wọ́n.

Ní ti àjọ̀dún, Sitges ní Spain, Fantasia ní Montreal, Fantastic Fest ní Austin àti FrightFest ní London ni àwọn olùrà irú fíìmù yìí ń fojú sí. Ẹ má kọ́kọ́ fún àjọ̀dún kékeré ní ìfihàn àkọ́kọ́ yín, torí àwọn ńlá sábà máa ń fẹ́ kó jẹ́ pé àwọn ló kọ́kọ́ fi í hàn lórílẹ̀-èdè wọn. Ẹ ya owó ìforúkọsílẹ̀ sọ́tọ̀, ó máa ń jẹ owó ju bí èèyàn ṣe rò lọ.

Lẹ́yìn àjọ̀dún, ọ̀nà mẹ́ta ló sábà máa ń ṣí. Ẹ lè ta fíìmù náà pátápátá, ẹ ó rí owó gbà kíákíá, ẹ ó sì fi ṣe èkejì, ṣùgbọ́n ẹ̀dá inú rẹ̀ ti lọ. Ẹ lè yá olùpín fún ìwọ̀nba ọdún. Ẹ sì lè gbé e jáde fúnra yín lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí gbogbo ẹ̀tọ́ kù sọ́wọ́ yín, ṣùgbọ́n iṣẹ́ ìpolówó á wá di tiyín, ọdún kan gbáko tí ẹ ò ní fi kọ nǹkan kan. Èmi a máa fara mọ́ ọ̀nà kejì fún fíìmù àkọ́kọ́, tí àdéhùn bá ti kúrú. Ilé-iṣẹ́ bí Arrow Video àti Vinegar Syndrome ń wá fíìmù adẹ́rùbani àtijọ́ tí ọjà ti gbàgbé, wọ́n ń tún un ṣe, wọ́n ń tà á fún àwọn tó ń kó díìsìkì jọ. Kí wọ́n tó lè bá yín ṣòwò, ìwé ẹ̀tọ́ àti àwòrán ìpìlẹ̀ gbọ́dọ̀ wà lọ́wọ́ yín. Ẹ ṣe ẹ̀dà mẹ́ta, kí ọ̀kan wà nílé mìíràn.

Ibi tí agbára mi mọ rèé: mi ò tíì ka ìwé eré yín, mi ò lè sọ bóyá ó dáa. Òfin ẹ̀tọ́ àdàkọ yàtọ̀ láti orílẹ̀-èdè sí orílẹ̀-èdè, lọ́yà tó mọ̀ nípa fíìmù ló gbọ́dọ̀ ka àdéhùn yín, owó rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ wà nínú owó iṣẹ́ láti ìbẹ̀rẹ̀. Ẹ má fi owó ilé tàbí owó ìwé ọmọ kún un. Tí ohun tí ẹ tọ́jú bá tó fíìmù gígùn kan gẹ́lẹ́, kò tíì tó, torí fíìmù tí wọ́n yà tán láìsí owó ẹ́díìtì àti ohùn máa ń jókòó sínú kọ̀ǹpútà fún ọdún mélòó kan. Ẹ yọ ìdá kan nínú mẹ́rin sọ́tọ̀ fún iṣẹ́ ẹ́díìtì àti ohùn lẹ́yìn tí ẹ bá yà á tán, kí ẹ tó pe òṣèré kankan.